Ìròyìn Kò Tó Àfojúbà: Fíìmù Ajẹ́rìí àti Ìṣèlú Aláṣejù ní Nàìjíríà

Ìfáàrà

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní àṣejù ni baba àṣetẹ́. A máa ń pa òwe yìí fún ẹni tí ó mu ọtí lámujù tàbí ẹni tí ó fi ẹwà ṣe fújà, ṣùgbọ́n bí a bá rò ó dáadáa, ọ̀rọ̀ ìṣèlú ni ó bá mu jù lọ. Ọ̀mùtí a máa tẹ́ fúnra rẹ̀. Òṣèlú aláṣejù ní tirẹ̀ a máa mú gbogbo ìlú tẹ́ kí òun fúnra rẹ̀ tó tẹ́, nígbà mìíràn ẹ̀wẹ̀, orí oyè ni í kú sí.

Ohun tí mo ń pè ní ìṣèlú aláṣejù nínú ìdánilẹ́kọ̀ọ́ yìí ni ìṣèlú tí ó gbà pé ẹni tí kò bá sí lẹ́yìn òun kì í ṣe alátakò lásán, bí kò ṣe ọ̀tá tí ó yẹ kí á pa lẹ́nu mọ́, kí á lé kúrò nílùú, tàbí kí á gba ẹ̀mí rẹ̀. Irú ìṣèlú bẹ́ẹ̀ lè wọ aṣọ ológun, ó lè fi ẹ̀sìn bojú, ó lè máa jẹ́ orúkọ ẹ̀yà. Nígbà mìíràn, orí àga ìjọba gan-an ni ó jókòó sí.

Ìbéèrè tí mo fẹ́ kí á jọ yẹ̀ wò ni èyí: ẹni tí kò ní ìbọn, tí kò nípò, tí ó jẹ́ pé kámẹ́rà nìkan ni ó ní lọ́wọ́, kí ni ó lè ṣe sí ìṣèlú aláṣejù? Ìdáhùn mi pín sí ọ̀nà méjì. Èkíní ni pé ìṣèlú aláṣejù kò lè dúró bí kò bá sọ ọ̀pọ̀lọpọ̀ ènìyàn di ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo, ìyẹn "àwọn wọ̀nyẹn". Iṣẹ́ fíìmù tí ó ń jẹ́rìí ìṣẹ̀lẹ̀ ni láti tú ọ̀rọ̀ náà palẹ̀, kí a rí ènìyàn kọ̀ọ̀kan pẹ̀lú ojú rẹ̀, ohùn rẹ̀ àti ilé rẹ̀. Èkejì ni pé iṣẹ́ yìí kò tíì parí nígbà tí a bá ya fíìmù tán. Ìgbà tí a bá fi han àwọn tí ọ̀rọ̀ kàn ni ó tó parí, ìdí sì nìyí tí ìjà tí ó gbóná jù nínú ìtàn fíìmù nílẹ̀ yìí fi jẹ́ ìjà lórí ibi ìfihàn.

Bí a bá ti tọpa ìtàn náà, a ó gúnlẹ̀ sí Ajégúnlẹ̀ àti Àpápá, ní agbègbè Coconut tí ó wà lẹ́bàá òpópónà Òṣòdì sí Àpápá, nítòsí èbúté Tin Can Island. Kì í ṣe nítorí pé ibẹ̀ ni wọ́n ti ń ya fíìmù jù ní Èkó ni mo ṣe yàn án. Mo yàn án nítorí pé ó wà lára àwọn ibi tí onírúurú ẹ̀yà Nàìjíríà ti ń fi ara kan ara jù lọ, tí ọ̀rọ̀ "àwọn wọ̀nyẹn" sì ti pa ènìyàn rí.

Ohun tí fíìmù ajẹ́rìí jẹ́

Irú fíìmù tí mo ń sọ yìí ni àwọn oníṣẹ́ náà ń pè ní dọkumẹ́ńtárì. John Grierson, ọmọ ilẹ̀ Scotland, ni a gbà pé ó fi orúkọ náà múlẹ̀ nínú àròkọ kan tí ó kọ lórí fíìmù Robert Flaherty ní ọdún 1926. Èmi yóò máa pè é ní fíìmù ajẹ́rìí. Nínú eré orí ìtàgé tàbí sinimá, òṣèré a máa gbé ayé ẹlòmíràn wọ̀ bí ẹ̀wù. Nínú fíìmù ajẹ́rìí, olúkúlùkù ni ó ń dúró fún ara rẹ̀. Ìyá tí ó ń sunkún níbẹ̀, ọmọ tirẹ̀ gan-an ni ó ń sunkún fún.

Síbẹ̀, kí á má ṣe rò pé òtítọ́ kàn ń ṣàn wọ inú kámẹ́rà fúnra rẹ̀. Ẹni tí ó ń ya fíìmù ni ó ń yan ibi tí yóò dúró sí, ẹni tí yóò jẹ́ kí ó sọ̀rọ̀, àti ohun tí yóò gé sọnù. Ìdí tí mo fi pè é ní ajẹ́rìí nìyí. Ẹlẹ́rìí lè sọ òtítọ́, ó sì lè purọ́. A sì gbọ́dọ̀ wádìí rẹ̀ wò gẹ́gẹ́ bí a ti ń wádìí ẹlẹ́rìí mìíràn. Àwọn baba wa tí wọ́n sọ pé ìròyìn kò tó àfojúbà ni wọ́n tún sọ pé agbẹ́jọ́ ẹnìkan dájọ́ àgbà òṣìkà ni. Òwe méjèèjì ni ó yẹ kí oníṣẹ́ fíìmù ajẹ́rìí fi sọ́kàn.

Fún àwa tí a ń kọ́ni ní lítíréṣọ̀ Yorùbá, iṣẹ́ yìí kò ṣàjèjì rárá. Oríkì ti ń ṣe irú rẹ̀ láti ọjọ́ tó ti pẹ́. Ọmọ ogún lè wà nínú agbo ilé kan náà, kí gbogbo wọn máa jẹ́ oríkì orílẹ̀ kan náà. Síbẹ̀ olúkúlùkù ni ó ní oríkì tirẹ̀ tí ó fi yàtọ̀ sí ẹlòmíràn. Bákan náà ni èfẹ̀ láàárín àwọn Kétu àti Yewa: nínú òru Gẹ̀lẹ̀dẹ́, òkorin a máa tú àṣírí aláṣejù lójú gbogbo ìlú, kò sì sí ẹni tí yóò mú un sí i, nítorí pé ìlú ti gbà pé àyè wà fún irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀. Ẹ jẹ́ kí á fi kókó méjèèjì sọ́kàn: oríkì ń dá ènìyàn mọ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, èfẹ̀ sì ní àyè tí ìlú yà sọ́tọ̀ fún òtítọ́. Fíìmù ajẹ́rìí nílò méjèèjì.

Ọ̀nà tí fíìmù gbà wọ Èkó

Oṣù kẹjọ ọdún 1903 ni a kọ́kọ́ fi àwòrán tí ń rìn han àwọn ará Èkó, ní gbọ̀ngàn Glover. Ilé iṣẹ́ Balboa, láti ilẹ̀ Spain, ni ó fi í hàn, Herbert Macaulay sì ni ó pè wọ́n wá. Inú ará Èkó dùn sí ohun tuntun yìí, ṣùgbọ́n kò pẹ́ tí ìjọba amúnisìn fi rí i pé irinṣẹ́ ńlá ni. Nígbà tí àjàkálẹ̀ àrùn tí èkúté ń tàn kálẹ̀ jà ní Èkó láàárín ọdún 1924 sí 1931, William Sellers tí ó jẹ́ òṣìṣẹ́ ìlera bẹ̀rẹ̀ sí í fi àwòrán àti fíìmù kọ́ àwọn ènìyàn bí wọn yóò ṣe dènà rẹ̀. Ní ọdún 1939, nígbà tí ogun Hitler bẹ̀rẹ̀, ìjọba Gẹ̀ẹ́sì dá ilé iṣẹ́ fíìmù kan sílẹ̀ ní Lọ́ńdọ̀nù fún àwọn orílẹ̀-èdè abẹ́ rẹ̀, Sellers yìí kan náà ni wọ́n sì fi ṣe olórí. Ọkọ̀ tí ń gbé ẹ̀rọ sinimá kiri wọ ìlú dé ìletò, láti rọ àwọn ènìyàn kí wọ́n ti ìjọba Gẹ̀ẹ́sì lẹ́yìn nínú ogun.

Ní ọdún 1947 ni a dá ẹ̀ka fíìmù ti Nàìjíríà sílẹ̀. Ní ọdún 1949, fíìmù kan jáde tí a pè ní Daybreak in Udi, lórí bí àwọn ará Údì ní ilẹ̀ Ìgbò ti pawọ́ pọ̀ kọ́ ilé ìgbẹ̀bí fún ara wọn. Ó sì gba àmì ẹ̀yẹ Oscar. Iṣẹ́ dáadáa wà nínú àwọn fíìmù wọ̀nyí, n kò sì ní bu ẹnu àtẹ́ lu ilé ìgbẹ̀bí tàbí ìmọ́tótó. Ohun tí mo fẹ́ kí á kíyè sí ni ìhà tí ọ̀rọ̀ ń gbà. Ìjọba ni ó ń sọ, ará ìlú ni ó ń gbọ́. Kò sí fíìmù kan tí ará ìlú fi dá ìjọba lóhùn. Nígbà tí òmìnira dé ní ọdún 1960, ẹ̀ka fíìmù náà bọ́ sí ọwọ́ ìjọba tuntun, àṣà náà sì bá a lọ. Nítorí náà, nígbà tí ará ìlú wá gbé kámẹ́rà lẹ́yìn ọ̀la, ọ̀pọ̀ aláṣẹ kò rí i bí ẹlẹ́rìí. Bí ọlọ̀tẹ̀ ni wọ́n rí i.

Irinṣẹ́ kan náà, ọwọ́ méjì

Kí á tó tẹ̀ síwájú, ẹ jẹ́ kí á wo ilẹ̀ Jámánì fún ìgbà díẹ̀, nítorí pé níbẹ̀ ni a ti lè rí ìhà méjèèjì iṣẹ́ yìí kedere. Ní ọdún 1935, Leni Riefenstahl gbé fíìmù kan jáde tí a mọ̀ ní Triumph of the Will lédè Gẹ̀ẹ́sì, lórí àpéjọ ńlá tí ẹgbẹ́ Hitler ṣe ní ìlú Nuremberg ní ọdún 1934. Bí a bá fi ojú iṣẹ́ ọnà wò ó, ọwọ́ rẹ̀ dá ṣáṣá. Ṣùgbọ́n kí ni a rí níbẹ̀? Ẹgbẹẹgbẹ̀rún ènìyàn tò bí ìlà àgbàdo lóko, wọ́n ń gbé ẹsẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà, wọ́n ń pariwo lẹ́ẹ̀kan náà, Hitler àti àwọn olóyè rẹ̀ nìkan ni wọ́n sì ní orúkọ níbẹ̀. Ọ̀pọ̀ ènìyàn ti di ohun ọ̀ṣọ́.

Ọdún mọ́kànlá lẹ́yìn àpéjọ náà, ní ìlú Nuremberg kan náà, wọ́n kó àwọn olórí ẹgbẹ́ yìí wá sí ilé ẹjọ́. Ní ọjọ́ 29 oṣù kọkànlá ọdún 1945, àwọn agbẹjọ́rò ilẹ̀ Amẹ́ríkà fi fíìmù hàn nínú ilé ẹjọ́, èyí tí àwọn ọmọ ogun yà nígbà tí wọ́n wọ àwọn àgọ́ tí wọ́n ti ń pa ènìyàn. Ẹni tí ó ń sẹ́ kò rí ẹnu sẹ́ mọ́ bí ó ti ń sẹ́ tẹ́lẹ̀. Fíìmù tí ó kọ́kọ́ jáde sọ ẹni kọ̀ọ̀kan di agbo. Èkejì mú wa wo òkú tí wọ́n ti kà sí agbo lásán, pé ènìyàn ni. Nítorí náà, kì í ṣe kámẹ́rà fúnra rẹ̀ ni ọ̀tá aláṣejù. Ọ̀nà tí a gbà lò ó ni, àti ìhà tí ó kọjú sí ènìyàn kọ̀ọ̀kan.

Ta ni í ṣí ilẹ̀kùn?

Ní ilẹ̀ tiwa, orí ìtàgé ni àwọn aláṣẹ ti kọ́kọ́ kọ́ ẹ̀kọ́ ìlẹ̀kùn títì. Lẹ́yìn tí ìjà bẹ́ sílẹ̀ ní ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin Ìwọ̀-Oòrùn ní oṣù karùn-ún ọdún 1962, Hubert Ògúndé gbé eré Yorùbá Ronú jáde ní ọdún 1964. Ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn kò dá a lóhùn lọ́rọ̀. Ó fòfin de òun àti ẹgbẹ́ rẹ̀ pé kí wọ́n má ṣeré mọ́ ní gbogbo agbègbè náà. Ọdún 1966, lẹ́yìn tí àwọn ológun gba ìjọba, ni a tó mú òfin náà kúrò. Láàárín ìgbà náà, ìbò oṣù kẹwàá ọdún 1965 ti dá wàhálà "wẹ́tìẹ̀" sílẹ̀: wọ́n ń da epo sí ènìyàn lára, wọ́n ń dáná sun ilé àti onílé. Èmi kò sọ pé eré kan ṣoṣo ì bá dá iná náà dúró. Ohun tí mo ń sọ ni pé ìjọba tí ó pa ẹni tí ó ń kìlọ̀ lẹ́nu mọ́ ti fi ọwọ́ ara rẹ̀ pa agogo ìkìlọ̀ náà.

Nígbà ìjọba ológun ní àárín ọdún 1990 sí 1999, ilẹ̀kùn náà tún tì pinpin. Fíìmù The Drilling Fields, tí ó sọ nípa àwọn ará Ògóni àti epo tí ó ba ilẹ̀ wọn jẹ́, jáde lórí tẹlifísọ̀n ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní ọdún 1994. Ará Lọ́ńdọ̀nù lè jókòó sí yàrá rẹ̀ kí ó wò ó, nígbà tí ọ̀pọ̀ ará Nàìjíríà kò mọ̀ pé ó wà. Ní ọjọ́ 10 oṣù kọkànlá ọdún 1995, ìjọba Abacha yẹgi fún Ken Saro-Wiwa àti àwọn ará Ògóni mẹ́jọ mìíràn. Bákan náà ni ti Kudirat Abíọ́lá tí wọ́n yìnbọn pa ní Èkó ní ọjọ́ 4 oṣù kẹfà ọdún 1996, nítorí pé ó dúró gbọn-in lórí ìbò 12 oṣù kẹfà ọdún 1993 tí ọkọ rẹ̀ wọlé. Ọdún 2014 ni fíìmù The Supreme Price, èyí tí Joanna Lipper ṣe lórí rẹ̀ àti lórí ọmọbìnrin rẹ̀ Hafsat, tó jáde. Ẹ̀rí tí ó pẹ́ sàn ju ẹ̀rí tí kò dé rárá lọ; ṣùgbọ́n ẹ̀rí tí ó dé lẹ́yìn ọdún méjìdínlógún ti di ìtàn, kò lè gba ẹnikẹ́ni là mọ́.

Ẹnìkan lè sọ pé ìjọba ológun ni ti ìgbà yẹn, ìjọba alágbádá yàtọ̀. Ẹ jẹ́ kí á wo ọ̀rọ̀ fíìmù Fuelling Poverty. Ishaya Bako ni ó ṣe é ní ọdún 2012, lórí owó ìrànwọ́ orí epo àti ìwọ́de tí gbogbo ìlú ṣe ní oṣù kìíní ọdún náà. Ohùn Wọlé Ṣóyínká wà nínú rẹ̀. Ní oṣù kẹrin ọdún 2013, àjọ ìjọba àpapọ̀ tí ń yẹ fíìmù àti fídíò wò kọ̀wé pé kò gbọdọ̀ hàn níbikíbi ní Nàìjíríà, nítorí pé ó lè dá rògbòdìyàn sílẹ̀. Nínú oṣù kẹrin yìí kan náà ni ó gba àmì ẹ̀yẹ AMAA gẹ́gẹ́ bí fíìmù ajẹ́rìí tó dára jù lọ. Fíìmù náà ti wà lórí íntánẹ́ẹ̀tì fún ọ̀pọ̀ oṣù kí wọ́n tó fòfin dè é, òfin náà sì tún mú kí àwọn tí kò gbọ́ nípa rẹ̀ rí lọ wá a wò. Àwọn aláṣẹ ti ti ilẹ̀kùn iwájú, wọn kò sì mọ̀ pé ògiri ẹ̀yìn ti wó.

Àwọn oníṣẹ́ fíìmù pàápàá ti gbìyànjú láti kọ́ ilé ìfihàn tiwọn. Fẹ́mi Ódugbẹ̀mí, tí ó ṣe fíìmù lórí Makoko àti lórí Bàrígà, wà lára àwọn tí ó dá àjọ̀dún fíìmù ajẹ́rìí iREP sílẹ̀ ní Èkó. Freedom Park, ní òpópónà Broad Street, ni ojúkò rẹ̀. Ẹ rántí pé ọgbà ẹ̀wọ̀n ìjọba amúnisìn ni ibẹ̀ tẹ́lẹ̀, Herbert Macaulay tí ó pe sinimá wá sí Èkó sì wà lára àwọn tí a ti tì mọ́lé níbẹ̀. Inú ọgbà tí wọ́n ti ń sé ènìyàn mọ́ ni a ti ń ṣí fíìmù sílẹ̀ fún ará ìlú báyìí. Ohun ìdùnnú ni. Ṣùgbọ́n ọ̀nà jìn láti Broad Street dé Coconut, kì í sì í ṣe omi ọ̀sà nìkan ni ó pín wọn níyà.

Ìyá kan ní Chibok

Kí á tó sọdá sí Ajégúnlẹ̀, àpẹẹrẹ kan wà tí ó fi hàn bí fíìmù ajẹ́rìí ṣe ń tú ọ̀rọ̀ "àwọn wọ̀nyẹn" palẹ̀. Ní ọjọ́ 14 oṣù kẹrin ọdún 2014, ẹgbẹ́ Boko Haram kó ọmọbìnrin 276 ní ilé ẹ̀kọ́ wọn ní Chibok, ní ìpínlẹ̀ Borno. Gbogbo ayé pariwo. Àwọn kan lára wọn sá mọ́ wọn lọ́wọ́ láìpẹ́. A dá 21 sílẹ̀ ní ọdún 2016, a sì dá 82 sílẹ̀ ní ọdún 2017. Ariwo náà rọlẹ̀ díẹ̀díẹ̀. Lẹ́nu oníròyìn, 276 di iye kan tí a ń pè bí a ti ń pe iye owó epo.

Joel Kachi Benson lọ sí Chibok nígbà tí ariwo ti rọlẹ̀. Fíìmù rẹ̀, Daughters of Chibok, gba àmì ẹ̀yẹ ní àjọ̀dún fíìmù Venice ní ọdún 2019, nínú ìsọ̀rí àwọn fíìmù tí olùwòran ń fi ẹ̀rọ bo ojú wò, títí tí yóò fi dà bí ẹni pé òun náà wà níbẹ̀. Fíìmù náà kò gùn, kò sì ní ìbọn nínú. Ìyá kan ni a rí, nínú ilé rẹ̀ àti nínú oko rẹ̀, tí ó ń tọ́jú aṣọ ọmọ rẹ̀ de ọjọ́ tí yóò padà. Ní ọdún 2024, Benson tún gbé Mothers of Chibok jáde, ó tún padà sọ́dọ̀ àwọn ìyá náà.

Ohun tí ó ṣe yìí yẹ kí á rò dáadáa. Aláṣejù fẹ́ kí á máa wo òun. Ó ń ya fídíò ti ara rẹ̀, ó ń gbé ìbọn sókè, ó ń halẹ̀, nítorí pé ìbẹ̀rù ni oúnjẹ rẹ̀. Bí oníṣẹ́ fíìmù bá tẹ̀ lé e, tí ó ń fi ìbọn rẹ̀ hàn wá, ó ti ń bá a ṣiṣẹ́ láìgbowó. Benson yí ẹ̀yìn kámẹ́rà rẹ̀ sí ìbọn, ó sì kọ ojú rẹ̀ sí aṣọ ọmọ tí ìyá ká sínú àpò. Olùwòran tí kò gbọ́ èdè Kibaku rí, tí kò dé Borno rí, mọ ohun tí aṣọ ọmọ jẹ́. Láti ìgbà náà lọ, kò lè sọ pé "àwọn ará òkè ọ̀hún" mọ́.

Ajégúnlẹ̀

Ajé gúnlẹ̀: orúkọ náà fúnra rẹ̀ jẹ́ àdúrà. Èbúté ni ó fa ènìyàn wá sí agbègbè yìí. Ọdún 1926 ni wọ́n parí ibùdókọ̀ ojú omi mẹ́rin àkọ́kọ́ ní Àpápá. Ní oṣù kẹwàá ọdún 1977, wọ́n ṣí èbúté Tin Can Island. Ẹni tí ó ń wá iṣẹ́ ní èbúté ní láti rí ibi sùn, Ajégúnlẹ̀ sì gbà á láìbi í ní orúkọ baba rẹ̀. Ìlàjẹ, Ìjọ̀, Urhobo, Ìgbò, Hausa, Yorùbá láti onírúurú ìlú, gbogbo wọn wà níbẹ̀ nínú yàrá tí ògiri kan ṣoṣo pín. Pijin di èdè tí gbogbo wọn jọ ń sọ. Láti inú àdàlù yìí ni Daddy Showkey ti gbé orin rẹ̀ jáde, ibẹ̀ náà ni Samson Siasia, Taribo West àti Odion Ighalo ti gbá bọ́ọ̀lù kí ayé tó mọ̀ wọ́n. Ní Coconut, níbi tí ọkọ̀ agbépo àti ọkọ̀ akẹ́rù ti ń tò de ẹnu ọ̀nà èbúté, ẹni tí ó ń ta oúnjẹ kì í béèrè ẹ̀yà awakọ̀ kí ó tó bù ú fún un.

Àdúgbò yìí kan náà ni iná sọ ní ìparí ọdún 1999, nígbà tí àwọn ọmọ ẹgbẹ́ OPC àti àwọn ọ̀dọ́ Ìjọ̀ kọjú ìjà sí ara wọn. Ọdún kan lẹ́yìn náà, ní oṣù kẹwàá ọdún 2000, ìjà mìíràn tí ó le ju ìyẹn lọ bẹ́ sílẹ̀ ní Ajégúnlẹ̀ láàárín OPC àti àwọn Hausa, ó sì tàn dé àwọn apá mìíràn ní Èkó. Ọ̀pọ̀ ẹ̀mí ṣòfò, ìjọba àpapọ̀ sì kéde pé òun fòfin de ẹgbẹ́ náà. Kí á sọ òtítọ́ tán: kì í ṣe inú òfìfo ni OPC ti jáde. Ọdún 1994 ni a dá a sílẹ̀, lẹ́yìn tí ìjọba ológun fagi lé ìbò 12 oṣù kẹfà, ìbínú tí ó bí i sì ní ìdí. Ṣùgbọ́n ìbínú tí ó ní ìdí lè gba ọ̀nà àṣejù. Ẹni tí wọ́n pa nínú yàrá rẹ̀ ní Ajégúnlẹ̀, yálà Hausa ni, yálà Ìjọ̀ ni, yálà Yorùbá ni, kò fagi lé ìbò ẹnikẹ́ni.

Èyí tí ó ń kan mí lóminú jù ni ohun tí ó ṣẹlẹ̀ sí ìtàn náà lẹ́yìn ìjà. Nígbà tí òkú ti wọlẹ̀ tán, ìtàn náà pín sí ọ̀nà bí ẹ̀yà ti pín. Nínú agbo kọ̀ọ̀kan, àwọn ti agbo náà nìkan ni wọ́n kú, àwọn ti agbo kejì nìkan ni wọ́n sì pa ènìyàn. Ọmọ tí a bí ní ọdún 2000 ti di géńdé, ó ti tó ìbò dì. Ìtàn agbo tirẹ̀ nìkan ni ó gbọ́. Agbẹ́jọ́ ẹnìkan ni a sọ ọ́ dà láti inú oyún. Nígbà tí ìdìbò gómìnà oṣù kẹta ọdún 2023 dé, tí àwọn kan ní Èkó ń wo ojú olùdìbò àti orúkọ rẹ̀ kí wọ́n tó sọ bóyá kí ó tẹ̀ka tàbí kí ó padà sílé, ta ni ó yà lẹ́nu? Igi gbígbẹ ti wà nílẹ̀, iná nìkan ni ó kù.

Ẹ̀rọ ìbánisọ̀rọ̀ ọwọ́ ti sọ gbogbo ará Ajégúnlẹ̀ di oníkámẹ́rà. A rí agbára rẹ̀ ní Lẹ́kí ní ọjọ́ 20 oṣù kẹwàá ọdún 2020, nígbà tí àwọn tí ó wà níbẹ̀ fi ohun tí ń ṣẹlẹ̀ han ayé lójú ẹsẹ̀. Fídíò sì wà lára ẹ̀rí tí ó dé iwájú ìgbìmọ̀ ìwádìí ìpínlẹ̀ Èkó, tí ó gbé àbọ̀ rẹ̀ kalẹ̀ ní oṣù kọkànlá ọdún 2021. Ṣùgbọ́n ẹ̀rọ yìí kan náà ni a fi ń gbé àwòrán ìjà àtijọ́ kiri bí ẹni pé òní ni ó ṣẹlẹ̀. Fídíò lásán kò tíì di ẹ̀rí. Ohun tí ó ń sọ ọ́ di ẹ̀rí ni pé kí á mọ ọjọ́, kí á mọ ibẹ̀, kí á mọ ohun tí ó ṣáájú àti ohun tí ó tẹ̀ lé e, kí á sì gbọ́ tẹnu ẹni kejì. Èyí ni iṣẹ́ sùúrù tí ó ya oníṣẹ́ fíìmù ajẹ́rìí sọ́tọ̀ kúrò lára agbésùnmọ̀mí ọ̀rọ̀.

Àwọn kan yóò sọ pé kí á má tú egbò tí ó ti san. N kò fi ọwọ́ yẹpẹrẹ mú ọ̀rọ̀ wọn. Ẹni tí ó bá sọ ohun tí ó rí lójú kámẹ́rà lè di ẹni tí wọ́n ń dọdẹ. A kò gbọdọ̀ fi ojú ẹnikẹ́ni hàn láìgba àṣẹ rẹ̀, bí ó bá sì fẹ́ kí á bo orúkọ òun, ẹ̀tọ́ rẹ̀ ni. Ṣùgbọ́n ṣé egbò náà ti san lóòótọ́? Egbò tí ó san kì í ta ni nígbà tí ìbò bá dé. Èyí tí a ní yìí, àpá ni ó bò ó lójú, ó ń ṣe kẹ̀lẹ̀bẹ̀ nísàlẹ̀.

Àsọkágbá

Ẹ̀bẹ̀ tí mo mú wá síwájú ilé ẹ̀kọ́ yìí àti síwájú ẹ̀yin ará ìlú kò pọ̀. Àwọn tí ó fojú rí ọdún 1999 àti 2000 ní Ajégúnlẹ̀ ṣì wà láàyè, ṣùgbọ́n wọ́n ń dàgbà, wọ́n sì ń lọ lọ́kọ̀ọ̀kan. Kí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ wa, tí ó gbọ́ Yorùbá, Ìjọ̀, Hausa, Ìgbò àti Pijin, lọ bá wọn. Kí wọ́n ya ẹ̀rí wọn sílẹ̀, ti agbo gbogbo, láìdá ẹnikẹ́ni lẹ́jọ́ ṣáájú. Ìyá tí ó fi ọmọ aládùúgbò pamọ́ sábẹ́ ibùsùn wà nínú irú ìjà báyìí níbi gbogbo láyé. Bí a bá rí irú rẹ̀ ní Ajégúnlẹ̀, kí á gba ohùn rẹ̀ sílẹ̀ pẹ̀lú, nítorí pé òun ni aláṣejù kò fẹ́ kí á rí.

Lẹ́yìn náà, kí á má gbé fíìmù náà lọ sí òkè òkun lọ gba àmì ẹ̀yẹ kí ó tó dé ilé. Kí á na aṣọ funfun sí pápá bọ́ọ̀lù ní Ajégúnlẹ̀ ní alẹ́ ọjọ́ kan, kí á tún na òmíràn sí Coconut níbi tí awakọ̀ ti ń sùn de èbúté, kí ọmọ Hausa gbọ́ ẹkún ọmọ Yorùbá, kí ọmọ Yorùbá gbọ́ ẹkún ọmọ Ìjọ̀, ní pápá kan náà, ní alẹ́ kan náà. Bí èfẹ̀ ti ní òru tirẹ̀ nílẹ̀ Kétu, kí òtítọ́ Ajégúnlẹ̀ ní òru tirẹ̀ nílẹ̀ Èkó. Ìdìbò mìíràn ń bọ̀. Ó yẹ kí á ti fi fíìmù náà hàn kí ó tó dé.